Iṣẹ́ tí Wọ́n Rán Mi

Bí àlejò bá gbọ́ orúkọ Lánlátẹ̀ láàrin ìlú méje Ìbàràpá, ohun tí ó sábà máa ń kọ́kọ́ bi wá léèrè ni àwo ńlá tí ó kọjú sí òfuurufú. Ní ọdún 1971 ni wọ́n ṣí ilé-iṣẹ́ sátẹ́láìtì sí ìlú wa, òun sì ni àkọ́kọ́ irú rẹ̀ ní orílẹ̀-èdè Nàìjíríà. Ẹni tí ó bá wà ní Èkó ní ayé ìgbà náà, tí ó ń bá ará Lọ́ńdọ̀nù sọ̀rọ̀ lórí tẹlifóònù, ó ṣeé ṣe kí ohùn rẹ̀ gba orí oko ẹ̀gẹ́ wa kọjá kí ó tó dé òkè òkun. Ṣùgbọ́n àwa ọmọ onílùú kì í gbọ́ ohùn kankan níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni a kì í rí àwòrán. Àwo ni a ń rí.

Fíìmù tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí yìí kò gba ojú ọ̀run wá bá wa. Inú àpótí ọmọ mi obìnrin tí ó ń gbé ní Jámánì ni ó bá dé, nígbà tí ó wá bá wa ṣe Kérésìmesì ní ọdún 2022. Orúkọ rẹ̀ ní èdè Jámánì ni Die Kameliendame, èyí tí a lè pè ní Obìnrin Olódòdó Kamẹ́líà. Bálẹ́ẹ̀ ni, ìyẹn ijó àwọn ará Yúróòpù tí wọ́n fi ń sọ ìtàn láìlanu. John Neumeier, ọmọ Amẹ́ríkà tí ó di ọ̀gá ẹgbẹ́ oníjó ìlú Hamburg ní ọdún 1973, ni ó ṣe ètò ijó náà. Ìlú Stuttgart ni wọ́n ti kọ́kọ́ jó o ní ọdún 1978. Ní ọdún 1987, Neumeier fúnra rẹ̀ darí fíìmù rẹ̀. Ó lé ní wákàtí méjì. Orin Frédéric Chopin ni ó gbé gbogbo rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ọmọ ilẹ̀ Póláńdì ni Chopin. Wọ́n bí i ní ọdún 1810, ó sì kú ní Paris ní ọdún 1849. Ohun èlò orin kan ṣoṣo ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ fi gbogbo ayé rẹ̀ kọ orin fún, òun náà ni píánò.

Èmi àti Ìyá Ìbejì ni a jọ wò ó ní pálọ̀ mi. Aya ẹ̀gbọ́n mi ni. Ẹ̀gbọ́n mi ti papòdà láti ọdún 2009. Akọ̀wé ni Ìyá Ìbejì ń pè mí, nítorí pé ìyàwó kì í pe orúkọ ẹni tí ó bá nílé ọkọ, ẹnu iṣẹ́ olùkọ́ ni ó sì bá mi nígbà tí ó dé. Ó ti tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá tí fíìmù ti bẹ̀rẹ̀ kí ó tó sọ̀rọ̀.

Ó ní, "Akọ̀wé, ìgbà wo ni wọn yóò sọ̀rọ̀?"

Mo ní wọn kò ní í sọ̀rọ̀.

Ó ní, "Ta ni yóò wá sọ ohun tí ìlù ń wí fún wọn?"

Ìbéèrè náà kì í ṣe ìbéèrè òpè. Níbi tí wọ́n ti tọ́ wa dàgbà, ìlù ń sọ̀rọ̀. Dùndún ń tẹ̀lé òkè àti ìsàlẹ̀ ohùn èdè wa. Ó ń ki ènìyàn, ó ń fi òwe bá a wí, oníjó sì ń fi ara dá a lóhùn. Ẹni tí ó ń mi ara láìgbọ́ ohun tí ìyáàlù wí, àwọn àgbà a máa wò ó tàánútàánú. Ijó tiwa a máa tẹ̀ba, orúnkún a rọ̀, ẹsẹ̀ a sì máa wá ilẹ̀. Àwọn tí a ń wò yìí ń sá fún ilẹ̀. Àwọn obìnrin wọn ń fi ṣónṣó ọmọ ìka ẹsẹ̀ dúró bí ẹni pé ilẹ̀ gbóná, àwọn ọkùnrin sì ń gbé wọn sókè bí ẹni gbé ọmọ ọwọ́.

Mo gbìyànjú láti ṣe àlàyé píánò fún un. Mo ní kì í ṣe dùùrù ṣọ́ọ̀ṣì tí afẹ́fẹ́ ń gba inú fèrè rẹ̀. Bí a bá ṣí ikùn píánò, òòlù kéékèèké ni a ó rí, tí wọ́n ń lu okùn onírin. Nítorí náà, lílù ni a ń lù ú. Akin Euba, ọmọ Èkó tí wọ́n bí ní ọdún 1935, tí ó sì kú ní ọdún 2020, mọ èyí dájú. Odidi ìwé ni ó kọ lórí dùndún, tí ó jáde ní ọdún 1990, ó sì fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ orin píánò tí ń rìn bí ìlù ilẹ̀ Aáfíríkà. Síbẹ̀, ohùn píánò kò lè yọ̀ bọ́ láti òkè sí ìsàlẹ̀ bí ti ìyáàlù nígbà tí onílù bá fún osán rẹ̀ mọ́ ìhà. Ohùn kọ̀ọ̀kan ní ijókòó tirẹ̀. Píánò kò lè pe orúkọ ènìyàn kí ó jẹ́. Ohun tí ó lè ṣe ni kí ó sọ bí inú ti rí kí ọ̀rọ̀ tó dé ẹnu.

Mo mọ̀ pé ẹlòmíràn yóò ní ijó òyìnbó ni, kí ni ó kàn wá níbẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n rán irú ẹni bẹ́ẹ̀ létí ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Ajangbadi, ní agbègbè Ọ̀jọ́ ní Èkó. Daniel Ajala dá ilé-ẹ̀kọ́ bálẹ́ẹ̀ kan sílẹ̀ níbẹ̀ ní ọdún 2017, tí ó pè ní Leap of Dance Academy. Orí íntánẹ́ẹ̀tì ni òun fúnra rẹ̀ ti wo fídíò kọ́ ijó náà. Ní ọdún 2020, fídíò kékeré kan rin gbogbo ayé já. Nínú rẹ̀, Anthony Madu, ọmọ ọdún mọ́kànlá, ń jó bálẹ́ẹ̀ láìwọ bàtà lórí ilẹ̀ ìta nígbà tí òjò ń rọ̀. Ọmọ náà kò sọ nǹkan kan. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó wò ó tí kò mọ ohun tí ọmọ náà ń fẹ́.

Ìtàn inú fíìmù tiwa pàápàá kò jìnnà sí wa tó bí a ti rò. Alexandre Dumas kékeré ni ó kọ ọ́ sínú ìwé ní ọdún 1848. Ìyá bàbá bàbá rẹ̀ ni Marie-Cessette, obìnrin adúláwọ̀ tí wọ́n mú lẹ́rú ní ilẹ̀ tí a mọ̀ sí Haiti lónìí. Obìnrin tí Dumas fi ṣe àwòkọ ìtàn náà, Marie Duplessis, kú ní Paris ní ọdún 1847, nígbà tí ó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún. Ikọ́ ife ni ó pa á, ìyẹn àìsàn tí àwọn kan ń pè ní ikọ́ àwúgbẹ.

Ibi gbàǹjo ni fíìmù náà ti bẹ̀rẹ̀. Marguerite ti kú, wọ́n ń ta ẹrù rẹ̀, píánò rẹ̀ sì wà nínú ohun tí wọ́n fẹ́ tà. Ẹnìkan jókòó, ó ń tẹ orin kan jẹ́jẹ́ lórí rẹ̀. Armand wọlé, ọkùnrin tí ó fẹ́ràn rẹ̀. Bí ó ti rí àwọn ẹrù náà, ó ṣubú. Láti ibẹ̀ ni ìtàn ti padà sẹ́yìn. Marguerite jẹ́ obìnrin tí àwọn ọlọ́rọ̀ ń gbọ́ bùkátà rẹ̀, gbogbo Paris ni ó sì mọ̀ ọ́n. Ìdílé tí ó ní orúkọ ni Armand ti jáde. Obìnrin náà fi ọlá sílẹ̀, ó tẹ̀lé ọ̀dọ́mọkùnrin yìí lọ gbé ní ìgbèríko. Gbogbo ìgbà yìí ni ó ń wúkọ́. Marcia Haydée, ọmọ ilẹ̀ Bràsíl, ni ó jó ipò Marguerite. Òun gan-an ni Neumeier ṣe ijó náà fún ní ọdún 1978. Ivan Liška ni Armand.

Nígbà tí ó yá, bàbá Armand wá bá Marguerite nígbà tí ọmọ rẹ̀ kò sí nítòsí. Píánò nìkan ni ó kù tí ń dún. Bàbá náà dúró ṣánṣán bí òpó. Obìnrin náà ń lọ, ó ń bọ̀ níwájú rẹ̀, ó ń bẹ̀ ẹ́. Ẹni tí ó bá jókòó sí ẹ̀yìn gbọ̀ngàn ìṣeré, èmi kò rò pé yóò rí ohun tí ọwọ́ obìnrin náà ń ṣe. Ṣùgbọ́n fíìmù ni. Kámẹ́rà gbé ọwọ́ náà wá bá wa nínú pálọ̀.

Ìyá Ìbejì ní, "Akọ̀wé, bàbá ọmọkùnrin yẹn nìyẹn. Ó ní kí ó fi ọmọ òun sílẹ̀."

N kò tí ì sọ ìtàn náà fún un. Mo bi í pé báwo ni ó ṣe mọ̀.

Ó ní, "Ẹ wo ọwọ́ obìnrin náà. Ọwọ́ ẹni tí wọ́n ń gba nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀ ni."

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, láti ìgbà náà lọ, n kò lè wo fíìmù náà mọ́ bí ẹni tí ń wo ọ̀ràn ẹlòmíràn.

Ní ọdún 1974, kí ẹ̀gbọ́n mi tó fẹ́ Ìyá Ìbejì, ó ní àfẹ́sọ́nà kan ní Ẹ̀rúwà. Ránṣọránṣọ ni ọmọbìnrin náà. Mo ti jẹun nílé wọn lọ́pọ̀ ìgbà. Nígbà tí àwọn àgbà ilé wa ṣe ìwádìí gẹ́gẹ́ bí àṣà, wọ́n gbọ́ pé ìyá rẹ̀ ti sùn fún ọ̀pọ̀ oṣù ní ilé-ìwòsàn àwọn alárùn ikọ́ ife ní Jẹ́ríkò, ní Ìbàdàn. Ìyá náà ti sàn, ó ti padà sílé, ó sì ń bá òwò rẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n èyí kò jẹ́ nǹkan kan létí wọn. Wọ́n ní ikọ́ ife ń bẹ nínú ẹ̀jẹ̀ ìdílé náà, wọ́n sì kà á mọ́ ẹ̀tẹ̀ àti wárápá. Ẹ̀gbọ́n mi ń bẹ ní Kánò nígbà náà, ó ń ṣiṣẹ́ réluwéè. Wọn kò fẹ́ kí ó gbọ́, nítorí wọ́n mọ̀ pé kò ní í gbà. Èmi ni wọ́n rán. Wọ́n ní èmi ni ó mọ̀wé, èmi ni ọmọbìnrin náà sì mọ̀ jù nínú ilé. Kí n sọ fún un pé kí ó jáwọ́ fúnra rẹ̀. Kí ó sọ fún ẹ̀gbọ́n mi pé òun ti rí ẹlòmíràn. Kí ó má sì jẹ́ kí ó mọ ìdí rẹ̀ láé.

Nínú ètò ìgbéyàwó tiwa, alárinà ni ó ń so ẹni méjì pọ̀. Ní ọjọ́ náà, èmi ni alárinà tí ó lọ tú okùn.

Orí ẹ̀rọ ìránṣọ ni mo ti bá a. Ó dìde, ó gbé omi fún mi, ó tún padà jókòó. Mo ka iṣẹ́ náà bí mo ti há a sórí. Nígbà tí mo parí, ọwọ́ rẹ̀ wà lórí aṣọ tí ó ń rán, ó ń tẹ́ ẹ, ó ń tẹ́ ẹ, bẹ́ẹ̀ kò sí ibi tí aṣọ náà ti ká. Kò bi mí ní ìbéèrè kankan. Ó ní, "Ẹ bá mi kí wọn nílé." Àwọn àgbà wa ní bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, kí a fi tọmọ jẹ́ ẹ. Èmi jẹ́ tèmi gẹ́lẹ́ bí wọ́n ti rán mi.

Nígbà tí mo ka ìtàn ìgbésí ayé Chopin lẹ́yìn tí a wo fíìmù náà, mo rí ohun kan tí ó mú mi dákẹ́. Ní ìparí ọdún 1838, òun àti òǹkọ̀wé obìnrin tí ń jẹ́ George Sand lọ gbé ní erékùṣù Majorca ní ilẹ̀ Sípéènì. Ikọ́ mú Chopin níbẹ̀. Bí onílé wọn ti gbọ́ pé ikọ́ ife ni, ó lé wọn jáde. Inú ilé àwọn mọ́ńkì àtijọ́ kan ní abúlé Valldemossa ni wọ́n fi ìgbà òtútù náà sí, ibẹ̀ ni Chopin sì ti parí orin kéékèèké mẹ́rìnlélógún tí ó pè ní Prelude, tí ó jáde ní ọdún 1839. Nínú àwọn orin wọ̀nyí gan-an ni Neumeier ti mú èyí tí bàbá Armand àti Marguerite jó. Orin tí ó ń dún nígbà tí wọ́n ń lé oníkọ́ kúrò nínú ìdílé, ọwọ́ ẹni tí wọ́n ti lé jáde nítorí ikọ́ ni ó parí rẹ̀.

Ní ilẹ̀ Sípéènì ìgbà náà, wọ́n gbà pé àrùn náà ń ràn. Ní Faransé, ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé inú ìdílé ni ó ń gbà wá, gẹ́gẹ́ bí àwọn àgbà ilé wa ti gbà. Ní ọdún 1882 ni Robert Koch, oníṣègùn ará Jámánì, fi kòkòrò tí ń fa ikọ́ ife han aráyé. Afẹ́fẹ́ ni ó ń gbé e láti inú ẹ̀dọ̀fóró ẹnìkan sí ti ẹlòmíràn. Kò sí nínú ẹ̀jẹ̀ ìdílé ẹnikẹ́ni. Oògùn streptomycin ti wà láti ọdún 1943, isoniazid sì tẹ̀lé e ní ọdún 1952. Ní ọdún 1974 tí mò ń wí yìí, ó ti pé ọdún mọ́kànlá tí Yunifásítì Ìbàdàn ti gbé ètò ìlera rẹ̀ kalẹ̀ sí Igbó-Ọrà tí kò jìnnà sí wa, tí àwọn tí ń kọ́ṣẹ́ ìṣègùn sì ń wá gbé láàrin àwa ará Ìbàràpá. À bá ti bi wọ́n léèrè. Kò sí ẹni tí ó bèèrè nínú wa, bẹ́ẹ̀ ni èmi tí wọ́n ní mo mọ̀wé kò bèèrè.

Nínú fíìmù náà, Marguerite ṣe ohun tí wọ́n ní kí ó ṣe. Armand padà dé, kò bá a nílé. Ó gbà pé owó ni obìnrin náà bá lọ. Nígbà tí wọ́n tún pàdé níbi àríyá, ó fi owó lé e lọ́wọ́ níwájú gbogbo ènìyàn, bí ẹni ń sanwó ọjà. Ẹ̀gbọ́n mi kò ṣe irú èyí. Ohun tí òun ṣe ni pé kò dárúkọ ọmọbìnrin náà mọ́. Bí ọkọ̀ bá gbé wa gba Ẹ̀rúwà kọjá lọ sí Ìbàdàn, ojú rẹ̀ a máa wà ní apá kejì títì títí a ó fi jáde ní ìlú. Mo máa ń jókòó tì í nínú ọkọ̀ náà. Ìlú wa ń fi àwo rẹ̀ bá òkè òkun sọ̀rọ̀ tọ̀sán tòru; èmi kò lè sọ gbólóhùn kan fún ẹni tí èjìká wa jọ ń kanra.

Bí Marguerite ti ń kú lọ, ó ń kọ̀wé. Ìyá Ìbejì bi mí pé ta ni ó ń kọ ọ́ sí. Mo ní Armand ni. Yóò kà á lẹ́yìn ikú obìnrin náà, ìgbà náà ni yóò tó mọ̀ pé bàbá òun ni ó wà nídìí rẹ̀. Kò fèsì. Orin tí a gbọ́ níbi gbàǹjo padà wá, jẹ́jẹ́ bí ti àkọ́kọ́, Marguerite sì kú sórí rẹ̀. Mo dìde láti pa tẹlifísàn.

Ìyá Ìbejì ní, "Bàbá Ìbejì náà mọ̀."

Mo bi í pé kí ni ó mọ̀.

Ó ní, "Ó pàdé obìnrin náà ní ọjà Ẹ̀rúwà. Obìnrin náà ti bímọ fún ẹlòmíràn, ara rẹ̀ sì le. Ó sọ gbogbo rẹ̀ fún un, ó ní ẹ̀yin ni wọ́n rán. Nígbà tí Bàbá Ìbejì délé, ó sọ fún mi. Ó ní kí n má bá yín sọ ọ́. Ó ní ẹ ó wá sọ ọ́ fúnra yín."

Mo bi í pé nígbà wo.

Ó ní, "Àwọn Ìbejì kò tí ì wọ ilé-ìwé nígbà náà."

Mo ṣírò rẹ̀. Ó lé ní ọdún márùndínlọ́gbọ̀n tí ẹ̀gbọ́n mi fi ń retí mi kí ó tó papòdà. Ní gbogbo ọdún wọ̀nyí, a jọ ń jẹ, a jọ ń mu, òun ni ó dúró tì mí nígbà tí mo kọ́lé. Nígbà tí a bá jókòó ní àwa méjì, tí ó bá dákẹ́, mo máa ń rò pé ó rẹ̀ ẹ́ ni.

Èmi kò ní kí a má ṣe ìwádìí kí a tó fẹ́ ìyàwó. Ó yẹ kí ọ̀dọ́mọkùnrin àti ọ̀dọ́mọbìnrin lọ yẹ ẹ̀jẹ̀ wọn wò, kí àwọn tí wọ́n jẹ́ AS má baà bí ọmọ sínú ìrora láìmọ̀. Ìwádìí tí ó dá lórí ìmọ̀, tí a sì ṣe lójú àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn, ó ń tún ilé ṣe. Ìwádìí tiwa kò dá lórí ìmọ̀, ẹ̀yìn ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn ni a sì ti ṣe é. Títí di òní, ẹni tí ó bá lo oògùn ikọ́ ife rẹ̀ pé oṣù mẹ́fà, tí ó sì sàn, a ṣì máa ń gbọ́ pé wọ́n ń yẹra fún ọmọ rẹ̀. Ọ̀fẹ́ ni oògùn náà ní ilé-ìwòsàn ìjọba. Ó yẹ kí ẹni tí ikọ́ rẹ̀ bá kọjá ọ̀sẹ̀ méjì lọ ṣe àyẹ̀wò láìfi pamọ́ fún ẹnikẹ́ni.

Ọmọ mi ti padà sí Jámánì. Ó fi àwo fídíò náà sílẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ tí ó tẹ̀lé e, Ìyá Ìbejì tún wá, ó ní kí n fi í sí i, kí n bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí bàbá náà ti wọlé. A jókòó. Nígbà tí ó dé ibi ọwọ́ náà, mo sọ ohun tí mo wí ní Ẹ̀rúwà ní ọdún 1974 fún un, gbólóhùn kan tẹ̀lé òmíràn, bí mo ti wí i. Kò gbé ojú kúrò lára tẹlifísàn. Nígbà tí mo parí, ó ní, "Mo ti gbọ́ ọ, Akọ̀wé. N ó jẹ́ ẹ fún un."